Ẹ Bi Àǹtí Oníwèé: Ìwé labalábá, ìwé ìyípadà, èwo gan-an ni ká kà?

Ẹ kú dédé ìwòyí o, ẹ̀yin ará Òṣogbo àti gbogbo ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kà wá láti ìlú mìíì. Lẹ́tà tó wọlé lóṣù yìí, àfi bíi pé ẹ jọ ṣèpàdé lórí ẹ̀ ni, ìwé tó ní labalábá nínú lẹ ń béèrè, tàbí ìwé ẹni tó kúrò nílé tó sì dé ibi tóun fúnra ẹ̀ ò rò tì. Mi ò mọ ẹni tó dá a sílẹ̀, bóyá òjò ni, torí tójò bá ti dá díẹ̀ báyìí, labalábá á kàn gba gbogbo ọ̀nà odò Ọ̀ṣun ni. Mo mú márùn-ún tó gùn, mo wá fi wẹ́wẹ́ díẹ̀ tì í nísàlẹ̀.

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ọmọ mi ọkùnrin ti pé ọdún mẹ́fà, ọ̀rọ̀ kòkòrò ló wà lẹ́nu ẹ̀ láàárọ̀ títí dalẹ́. Igi ọsàn kan wà lẹ́yìnkùlé wa, ó ní kòkòrò kan wà lórí ẹ̀ tó máa di labalábá, mi ò tiẹ̀ mọ̀ bóyá òótọ́ ni. Ìwé wo ni kí n rà fún un?" — Ìyá ọmọ kan, Òkè-Fíà

Ìyá ọmọ, òótọ́ lọmọ yín ń sọ o. Labalábá ńlá kan wà tó dúdú tí àmì yẹ́lò kún ara ẹ̀, Papilio demodocus làwọn onísáyẹ́ǹsì ń pè é, orí igi ọsàn àti igi òroǹbó ló máa ń yé ẹyin sí. Nígbà tí kòkòrò yẹn ṣì kéré ẹ lè rò pé ìgbẹ́ ẹyẹ ló já sórí ewé, torí bó ṣe rí nìyẹn, dúdú díẹ̀ funfun díẹ̀, ẹyẹ tó bá sì rí i á kọjá lọ ni. Tó bá wá dàgbà á di gírínì bí ewé tó ń jẹ. Ẹ jẹ́ kọ́mọ yín rọra fi igi tẹ́ẹ́rẹ́ tọ́ ọ, á yọ nǹkan bí ìwo méjì jáde lẹ́yìn orí, òórùn ẹ̀ á sì gba ibẹ̀ kan. Ìyẹn nìkan máa dùn mọ́ ọn ju kátùùnù lọ.

Ìwé tí mo máa ní kẹ́ ẹ rà ni The Very Hungry Caterpillar, Eric Carle ló ṣe é, 1969 ló jáde, wọ́n sì ti túmọ̀ ẹ̀ sí èdè tó lé ní 60. Kòkòrò kan ló jáde látinú ẹyin, ebi ń pa á, ó jẹ èso ápù kan lọ́jọ́ Mọ́ńdè, píà méjì lọ́jọ́ Túsìdeè, bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń pọ̀ sí i, tó bá ti jẹ nǹkan tán, ihò gidi ni wọ́n lu sójú ìwé níbẹ̀, ọmọ á máa ki ìka bọ̀ ọ́. Nígbà tó fi máa di Sátidé ó ti jẹ kéèkì, áìsìkirīmù, sọ́séèjì àti ẹ̀gúsí bàrà olómi, inú wá ń run ún. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè ó jẹ ewé kan ṣoṣo, ara ẹ̀ yá. Àwọn plum àti strawberry inú ẹ̀ yẹn, ọmọ Òṣogbo ò rí wọn rí àfi nínú fóònù, ẹ má jẹ́ kó dí yín lọ́wọ́, ẹ fi àgbálùmọ̀ àti ìyeyè rọ́pò ẹ̀ tẹ́ ẹ bá ń kà á sókè, kò sẹ́ni tó máa mú yín.

Ẹjọ́ kan ṣoṣo ni mo ní pẹ̀lú ìwé yẹn. Ó ní kòkòrò náà kọ́ ilé olówùú yí ara ẹ̀ ká, bẹ́ẹ̀ àfòpiná ló sábà máa ń ran irú òwú bẹ́ẹ̀, ti labalábá jẹ́ èèpo líle tó máa ń hàn lẹ́yìn tó bá bọ́ awọ ara ẹ̀ tó kẹ́yìn. Ọmọ tó bá mọ̀yẹn máa bá tíṣà ẹ̀ ṣàríyànjiyàn, ìyẹn náà dáa.

Tẹ́ ẹ bá ra ìwé ẹ tún mú ìgò ńlá kan tó mọ́ gaara, ẹ fi nẹ́ẹ̀tì bò ó lẹ́nu, ẹ kó kòkòrò kan sí i pẹ̀lú ewé ọsàn tútù, kẹ́ ẹ máa pààrọ̀ ewé lójoojúmọ́, ẹ sì fi igi tín-ín-rín kan sí i tó máa so ara ẹ̀ mọ́. Ẹ má fín oògùn ẹ̀fọn sítòsí. Ọjọ́ tó bá fẹ́ jáde, ẹ di ọmọ yín lọ́wọ́ mú, kó má bá a bó èèpo o! Ìyẹ́ ẹ̀ á rún nígbà tó bá kọ́kọ́ yọ, ńṣe ló máa rọ̀ sórí igi, táá máa fa omi ara ẹ̀ sínú ìyẹ́ yẹn títí táá fi nà tán, táá tún dúró kó gbẹ. Kó tó fò, ó lè tó wákàtí kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ fi ìgbà yẹn ka ìwé náà lẹ́ẹ̀kan sí i.

"Àǹtí Oníwèé, mo ti sin ìlú tán, iṣẹ́ ò sí, mo ti padà sílé àwọn òbí mi. Gbogbo ẹni tó bá rí mi ló ń fún mi ní ìwé mótíféṣọ̀n tí wọ́n ya labalábá sí lára, wọ́n á ní èmi náà máa tó fò. Mo kà á kà á, kàkà kó dáa, ńṣe lọkàn mi ń wúwo sí i. Ṣé èmi ni mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń kàwé ni?" — Ọmọkùnrin kan, Ògo-Olúwa

Àbúrò mi, o mọ̀wé kà dáadáa. Ìwé yẹn ni ò sọ òótọ́ fún ẹ. Ojú ewé kìíní, kòkòrò ni ẹ́, ojú ewé kejì o ti ń fò, àárín ẹ̀ wá dà? Ibi tí ìwọ wà gan-an ni wọ́n fò kọjá yẹn, tí wọ́n wá ń bi ẹ́ pé kí ló dé tó ò tíì dé.

Jẹ́ kí n sọ nǹkan tó ń ṣẹlẹ̀ nínú èèpo yẹn fún ẹ. Kì í ṣe pé ìyẹ́ kàn hù lára kòkòrò bí irùngbọ̀n ṣe ń hù. Omi inú ara ẹ̀ ló máa tú èyí tó pọ̀ jù nínú ẹran ara àtijọ́ yẹn palẹ̀, táá yọ́, àwọn ègé kéékèèké kan tó ti wà lára ẹ̀ látìgbà tó ti kéré, tí ò tíì ṣiṣẹ́ kankan, ni wọ́n á wá máa jẹ nínú ohun tó yọ́ yẹn títí wọ́n á fi di ìyẹ́, ẹsẹ̀ àti ojú tuntun. Tó o bá la èèpo yẹn lásìkò náà, kò sí kòkòrò níbẹ̀, kò sì tíì sí labalábá. Àwọn onímọ̀ kan ní Amẹ́ríkà tún ṣe nǹkan kan tí wọ́n gbé jáde ní 2008, wọ́n kọ́ kòkòrò àfòpiná kan láti máa sá fún òórùn kan, gbogbo ìgbà tó bá ti gbọ́ òórùn yẹn wọ́n á fi iná mànàmáná díẹ̀ ta á. Nígbà tó di àfòpiná tán, púpọ̀ nínú àwọn tí wọ́n kọ́ nígbà tó kù díẹ̀ kí wọ́n wọ inú èèpo ṣì ń sá fún òórùn yẹn. Èyí tó pọ̀ jù nínú ara yẹn yọ́, wọ́n ṣì rántí. Tẹ́nì kan bá tún bi ẹ́ pé kí lo fi dìgírì ṣe, o lè sọ ìyẹn fún un.

Ìwé mẹ́ta ni mo mú fún ẹ. Àkọ́kọ́ ni Blackass tí A. Igoni Barrett kọ, 2015, ọmọkùnrin kan l'Ékòó tó ti ń wáṣẹ́ tipẹ́, àárọ̀ ọjọ́ tó fẹ́ lọ fún intafíù ló jí tó rí i pé òun ti di òyìnbó, gbogbo ara ẹ̀ ló funfun àfi ìdí ẹ̀! Kafka ará Prague ló kọ́kọ́ dá irú ẹ̀ ní 1915, ìtàn ọkùnrin tó jí tó bá ara ẹ̀ ní kòkòrò ńlá, ṣùgbọ́n kòkòrò ti Kafka ò rọ́wọ́ mú, ti Ékòó yìí kíá ló ríṣẹ́. Wàá rẹ́rìn-ín, wàá tún bínú, torí wàá mọ ìdí tó fi ríṣẹ́.

Ìkejì ni The Diving Bell and the Butterfly, èyí le. Jean-Dominique Bauby ló kọ ọ́, ọ̀gá ni nídìí ìwé ìròyìn Elle ní Faransé. December 1995 rọpárọsẹ̀ kọlù ú, ọdún 43 ni, nígbà tó máa lajú kò lè sọ̀rọ̀, kò lè mira, ìpéǹpéjú òsì ẹ̀ nìkan ló ń ṣiṣẹ́. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Claude Mendibil á máa pe álífábẹ́ẹ̀tì lọ ní tẹ̀léǹtẹ̀lé, tó bá dé lẹ́tà tí Bauby fẹ́, á ṣẹ́jú, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ odindi ìwé. Ó jáde ní March 1997, ọjọ́ mélòó kan lẹ́yìn ẹ̀ ló kú. Labalábá tó wà nínú àkọlé yẹn, ọkàn ẹ̀ ló fi ń pè, èyí tó ń fò káàkiri nígbà tí ara wà lórí bẹ́ẹ̀dì. Mi ò ní kó o kà á torí kó o lè máa dúpẹ́ pé tìẹ sàn ju tiẹ̀ lọ o, mi ò fẹ́ràn irú ìmọ̀ràn yẹn. Kà á torí pé ọkùnrin yẹn ò purọ́ nípa àárín.

Ìkẹta ni Àdììtú Olódùmarè ti Fágúnwà, 1961. Ìṣẹ́ àti ìyà ni wọ́n bí Àdììtú sí, àwọn òbí ẹ̀ ò ní nǹkan kan, ó wọ igbó, ó jìyà níbẹ̀ kó tó wá dolówó, kó tó wá pàdé Ìyùnadé. Fágúnwà ò kánjú kọjá ìyà yẹn rárá, àwọn kan tiẹ̀ máa ń ṣàròyé pé ó ti pọ̀ jù. Mi ò sí lára wọn.

"Ọmọ mi, mo ń ka ohun tí ẹ ń kọ. Ìwé tí ẹ ń dárúkọ lórí ọ̀rọ̀ yìí, ti òyìnbó ló pọ̀ jù. Àwọn baba wa ní labalábá fi ara rẹ̀ wẹ́ ẹyẹ, kò lè ṣe ìṣe ẹyẹ. Ẹlẹ́tàn ni labalábá nínú ọ̀rọ̀ wa, kì í ṣe àwòkọ́ṣe. Kí ló dé tí ẹ fi ń kó ohun tí kì í ṣe tiwa wọlé?" — Tíṣà àgbà kan tó ti fẹ̀yìn tì, Ayépé

Bàbá, mo kúnlẹ̀, ẹ kú àárọ̀ sà. Òótọ́ lẹ sọ nípa òwe yẹn, èkejì ẹ̀ náà wà, pé labalábá tó bá dìgbò lẹ̀gún, aṣọ ẹ̀ á fàya, kò sí èyí tó yìn ín nínú méjèèjì. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ yẹ sányán yín wò. Òwú sányán yẹn, ara ilé kòkòrò ló ti wá, àwọn kòkòrò kan tí wọ́n ń pè ní Anaphe ló máa ń kó ara wọn jọ hun ilé ńlá kan ṣoṣo lórí igi, kí wọ́n tó di àfòpiná, ilé yẹn làwọn ìyá wa ń ṣà nínú igbó, tí wọ́n ń sè kó lè rọ̀, tí wọ́n wá ń ran ní òwú. Ẹni tó ń gbé e wọ̀ lọ síbi ìgbéyàwó ò lè ní òun ò mọ ìyípadà yẹn rí.

Ibi tí mo ti gbà fún yín ni pé ìtàn ìyípadà tiwa ò jọ tòyìnbó. Tòyìnbó, àlọ ni, kò sí àbọ̀, kòkòrò ti di labalábá, ó tán. Tiwa, àwọ̀ ni wọ́n ń bọ́ tí wọ́n ń gbé wọ̀, ọ̀rọ̀ ibi tí wọ́n tọ́jú àwọ̀ àtijọ́ sí ló máa ń dìjà. Ẹ wo ìtàn ẹfọ̀n tó bọ́ awọ ẹ̀ sílẹ̀ nínú igbó tó di arẹwà obìnrin tó ń lọ sọ́jà, ọdẹ rí i, ó gbé awọ yẹn pamọ́, ó fi í ṣaya. Ó bímọ, ó ń gbọ́únjẹ, gbogbo ayé rò pó ti yanjú, ọjọ́ tí àṣírí tú tó rí awọ ẹ̀, ó gbé e wọ̀, ó di ẹfọ̀n padà. Àwọn àgbà ní Ọya ni. Ní tèmi o, ìtàn yẹn jinlẹ̀ ju ti labalábá lọ, torí ó béèrè ohun tí tòyìnbó kì í béèrè: ta ló gbé àwọ̀ ẹ pamọ́?

Nínú ìwé ẹ̀wẹ̀, Fágúnwà wà níbẹ̀ látọjọ́ tó ti pẹ́. Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀, 1938, ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ ni bàbá Akàrà-ògùn ti yìnbọn fún ẹran kan, tó tọ ipa ẹ̀jẹ̀ lọ, tó wá jẹ́ ìyàwó ẹ̀ ló bá, apá kan èèyàn, apá kan ẹran. Bí ọmọ wọn ṣe wá bẹ̀rẹ̀ ìrìn àjò tiẹ̀ nìyẹn, títí tóun àtàwọn akíkanjú yòókù fi dé Òkè Lángbòdó. Ẹni tí Yorùbá ò bá rọrùn fún, Ṣóyínká ti túmọ̀ ẹ̀ ní 1968. Amos Tutùọlá ará Abẹ́òkúta náà, The Palm-Wine Drinkard, 1952, ọkùnrin tó lọ wá adẹ́mu ẹ̀ tó ti kú, lójú ọ̀nà ó di aláǹgbá, ó di ẹyẹ, ó di ọkọ̀ ojú omi tí ìyàwó ẹ̀ fi ń gbé èrò sọdá. Àti ọkùnrin àrẹwà inú ọjà yẹn, tó yá ẹsẹ̀, tó yá ọwọ́, tó wá ń dá a padà fún oníkálukú lójú ọ̀nà títí tó fi ku agbárí lásán. Mi ò tíì rí labalábá tó ṣe irú ẹ̀.

Kí n tó kúrò níwájú yín sà, ẹ̀yin náà mọ̀ pé ìtàn ìlú wa yìí gan-an ìtàn ìrìn àjò ni, Láróòyè àti Tìmẹ́yìn ọdẹ kó wá láti Ìpolé torí àtirí omi, igi tí wọ́n gé wó sódò, wọ́n gbọ́ ohùn pé oṣó igbó, ẹ ti fọ́ ìkòkò aró mi. Ẹ tún wo Àdùnní Olórìṣà wa, Susanne Wenger, wọ́n bí i ní Graz ní Austria lọ́dún 1915, ó dé Nàìjíríà ní 1950, àìsàn ikọ́ ife gbé e dè, Ajagẹmọ ní Ẹdẹ ló fà á wọ inú ìsìn Ọbàtálá, ó sì gbé Òṣogbo títí tó fi kú ní January 2009. Igbó Ọ̀ṣun tó fi ọjọ́ ayé ẹ̀ gbà là, UNESCO ti kọ ọ́ sílẹ̀ ní 2005. Ulli Beier kọ ìwé lórí iṣẹ́ ẹ̀, The Return of the Gods, 1975, ó ṣòro rí ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá mọ ayàwòrán tó dàgbà nílùú yìí, ẹ béèrè lọ́wọ́ ẹ̀.

"Àǹtí wa, ẹgbẹ́ obìnrin ni wá ní Ọjà Òrìsúmbàrẹ́, a máa ń pàdé lọ́jọ́ Sọ́ńdè. Ìwé bí wọ́n ṣe ń tọ́jú ọkọ ti sú wa. A fẹ́ ìwé obìnrin tó rìn tó sì yí padà, kó le, a ò kọ̀. Ẹni tó gbọ́ òyìnbó nínú wa á máa túmọ̀ fún àwọn yòókù."

Ẹ̀yin ìyá mi, ẹ pa mí lẹ́rìn-ín, ẹ ṣeun. Ẹ bẹ̀rẹ̀ látibi tó sún mọ́lé, Stay With Me ti Ayọ̀bámi Adébáyọ̀, 2017. Iléṣà tó wà nítòsí wa yìí ni Yéjídé àti Akin ń gbé, Yéjídé ní ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti ń ṣerun, ọmọ ò tètè dé, làwọn ẹbí bá gbé ìyàwó kejì wọlé. Mi ò ní sọ ìyókù. Ẹ kàn ṣọ́ra, ẹ wo ẹni tó ń wá ọmọ láàárín yín kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀, torí ìwé yẹn ò ní àánú rárá, ó sì dáa kẹ́nì kan kìlọ̀ fún un ṣáájú kó tó ṣẹlẹ̀ pé ojú gbogbo ẹgbẹ́ ni omi á ti máa bọ́ lójú ẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn, Second Class Citizen ti Buchi Emecheta, 1974. Adah kúrò l'Ékòó lọ bá ọkọ ẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù, òun ló ń ṣiṣẹ́, òun ló ń bímọ, òru ló ń rí fi kọ ìwé ẹ̀, ọkọ wá dáná sun ìwé tó kọ. Níbẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti máa pọ̀ lọ́jọ́ Sọ́ńdè yín, mo ti ń gbọ́ ọ láti ibí.

Èyí tó ní labalábá wá ni In the Time of the Butterflies, Julia Alvarez kọ ọ́ ní 1994. Orílẹ̀-èdè Dominican Republic ló ti ṣẹlẹ̀, Trujillo ló ń ṣèjọba níbẹ̀, ọwọ́ líle, ẹni tó bá sọ̀rọ̀ á di àwátì. Àwọn ọmọ ìyá mẹ́rin kan wà tí wọ́n ń jẹ́ Mirabal, mẹ́ta nínú wọn, Patria, Minerva àti María Teresa, wọ ẹgbẹ́ tó fẹ́ lé e kúrò, Labalábá sì ni wọ́n ń pè wọ́n ní bòókẹ́lẹ́. Ọjọ́ 25 November 1960, wọ́n ń bọ̀ láti ẹ̀wọ̀n tí wọ́n ti lọ wo ọkọ wọn, àwọn ọmọọṣẹ́ Trujillo dá wọn lọ́nà, wọ́n lù wọ́n pa pẹ̀lú dẹ́rẹ́bà wọn, wọ́n wá ti mọ́tò náà sí ọ̀gbun kó lè dà bí ẹ̀sídẹ́ǹtì. Kò sẹ́ni tó gbà á gbọ́. Nígbà tó di May 1961 wọ́n pa Trujillo náà. Ẹ̀kẹrin wọn, Dedé, ló ṣẹ́ kù, òun ló tọ́ àwọn ọmọ tí wọ́n fi sílẹ̀, ó sì wà láyé títí di 2014. Torí wọn ni Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ṣe mú ọjọ́ 25 November ní 1999 fún gbígbógun ti ìwà ipá sí obìnrin. Ìtàn àròsọ ni Alvarez kọ o, ó fi ọ̀rọ̀ sí wọn lẹ́nu, ṣùgbọ́n àwọn obìnrin yẹn gbé ayé. Ohun tó mú mi nínú ẹ̀ ni pé kò sọ wọ́n di áńgẹ́lì, María Teresa fi ìdí ọ̀rọ̀ ìfẹ́ wọ ẹgbẹ́, Patria ń bẹ̀rù fún àwọn ọmọ ẹ̀, Dedé ò tiẹ̀ wọ̀ ọ́ torí ọkọ ẹ̀ ò fẹ́. Ẹ máa fi orúkọ pe ara yín tẹ́ ẹ bá ń kà á, kálukú á mọ èyí tó jẹ́ nínú wọn.

"Ẹ̀kọ́ nípa ohun ẹlẹ́mìí ni mò ń kọ́ ní UNIOSUN, mo sì fẹ́ràn àtimáa ya àwòrán. Mo fẹ́ ìwé labalábá tó jẹ́ sáyẹ́ǹsì àmọ́ tí kò gbẹ." — Akẹ́kọ̀ọ́bìnrin kan

Àbúrò, Maria Sibylla Merian ni tìẹ. Frankfurt ni Jámánì ni wọ́n ti bí i ní 1647, ọmọ ọdún 13 ló ti ń sin kòkòrò sílíìkì nínú ilé tó ń ya wọ́n. Láyé ìgbà yẹn ọ̀pọ̀ èèyàn ṣì gbà pé inú ẹrẹ̀ àti ìdọ̀tí ni kòkòrò ti máa ń dédé yọ. Ó kọ ọkọ ẹ̀ sílẹ̀, nígbà tó di 1699, ọdún 52, ó mú ọmọ ẹ̀ obìnrin kan, wọ́n wọkọ̀ ojú omi lọ Suriname ní gúúsù Amẹ́ríkà, kò sí ìjọba tó rán an, kòkòrò ló lọ wò. Àìsàn lé e padà ní 1701. Ìwé ẹ̀ jáde ní 1705, àwòrán 60, lójú ewé kan náà wàá rí ewé, wàá rí kòkòrò tó ń jẹ ẹ́, èèpo ẹ̀, àti labalábá tó dà, gbogbo ẹ̀ lórí igi kan. Ní ojú ewé kan tó ti ya òdòdó kan, ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé àwọn obìnrin tí wọ́n kó lẹ́rú ń fi kóró ẹ̀ ṣẹ́yún kí ọmọ wọn má bàa di ẹrú bíi tiwọn, ó dárúkọ àwọn tí wọ́n kó wá láti Guinea àti Angola. Tó o bá ń wo àwòrán yẹn, má fo ọ̀rọ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. O ò nílò owó, ìwé yẹn ti dàgbà kọjá ẹ̀tọ́ oníǹkan, ó wà lọ́fẹ̀ẹ́ ní Biodiversity Heritage Library lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Fún ti ìhín, Butterflies of West Africa ti Torben Larsen, 2005, ìdìpọ̀ méjì, ó wọ́n, béèrè ẹ̀ ní láìbìrì kó o tó ronú àtirà. Inú ẹ̀ lo ti máa rí Papilio antimachus tó jẹ́ pé ìyẹ́ ẹ̀ tó bá nà lè gba 20 sẹ̀ǹtímítà tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, inú igbó kìjikìji ló ń gbé. Tó o bá wá fẹ́ ìtàn àròsọ láti fi tù ú, Flight Behavior ti Barbara Kingsolver, 2012, obìnrin kan ní Tennessee tó fẹ́ sá fi ilé ọkọ ẹ̀ sílẹ̀, ó gun òkè, ó rí igbó tó dà bíi pé iná ń jó nínú ẹ̀, labalábá monarch ni, tí ojú ọjọ́ tó yí padà ti ṣì lọ́nà, torí Mẹ́síkò ló yẹ kí wọ́n wà nígbà òtútù. Ibi tí onísáyẹ́ǹsì tó wá wò wọ́n ti ń bá àwọn ará abúlé sọ̀rọ̀ ló dùn jù, kálukú ń gbọ́ tiẹ̀ lọ́tọ̀.

Wẹ́wẹ́ tó kù

Ẹni tó ní kí n fi PDF ìwé Adébáyọ̀ ránṣẹ́ sóun lórí WhatsApp: rárá, jàre. Òǹkọ̀wé náà ń jẹun. Ra àlòkù, tàbí kí ẹ̀yin mẹ́rin dáwó ra ẹyọ kan kẹ́ ẹ máa gbà á kà.

Ẹni tó ń wá ẹ̀bùn fún ọmọ tó ń jáde ní sẹ́kọ́ńdìrì: Hope for the Flowers, Trina Paulus, 1972. Kòkòrò méjì ni, wọ́n rí òpó gíga kan tí gbogbo kòkòrò ń gùn, wọ́n ń tẹ ara wọn mọ́lẹ̀, kò sẹ́ni tó mọ ohun tó wà lókè. Ó dùn díẹ̀ jù fún mi, bíi tíì tí ṣúgà ti pọ̀ nínú ẹ̀, ṣùgbọ́n apá òpó yẹn ló yẹ kí gbogbo ọmọ tó fẹ́ kọ JAMB kà.

Bàbá tó ra Papillon fún ọmọ ọdún 11 torí pé labalábá wà níwájú ìwé: ẹ gbà á lọ́wọ́ ẹ̀ lónìí sà. Henri Charrière ló kọ ọ́, 1969, ọ̀rọ̀ ẹlẹ́wọ̀n tí Faransé kó lọ sí French Guiana ni, tó ń sá tí wọ́n ń mú un, àyà ẹ̀ ni wọ́n fín labalábá sí. Ẹ̀jẹ̀ wà níbẹ̀, obìnrin wà níbẹ̀, ohun tí wọ́n sì ń fi owó wọn pamọ́ sí lẹ́wọ̀n, mi ò lè kọ ọ́ síbí. Ẹ̀yin fúnra yín ẹ kà á, ó dùn gan-an.